Kóòtù Òtútù Ìdíwàlù

Bí oòrùn Atlanta bá mú lóṣù keje, àwọn ajá pàápàá, abẹ́ mọ́tò ni wọ́n ń sá sí. Ṣòkòtò péńpé làwọn èèyàn ń wọ̀. Ẹnì kan ṣoṣo ló ń jáde nínú kóòtù òtútù, kóòtù onírun àgùntàn tó nípọn bíi búláńkẹ́ẹ̀tì, tó sì tún wé súkáàfù mọ́rùn lé e. Ọlákúnlé Oyèníran ni.

Ẹ jẹ́ ká kí i bó ṣe fẹ́ ká máa kí òun. Ọlákúnlé, ọlá kún ilé rẹ̀ débi pé àlejò ò rí àyè jókòó. Akéwì àgbáyé tí kò tíì kọ ewì kan. A-sọ̀rọ̀-bí-ẹni-fẹyin-sẹ́nu. Dókítà ọ̀sán Sátidé, nítorí pé ilé ẹ̀kọ́ kan lórí íńtánẹ́ẹ̀tì ló fún un lóyè náà láàárín oúnjẹ àárọ̀ àti oúnjẹ ọ̀sán. Kó tó fẹ̀yìn tì, iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa lu òǹtẹ̀ sórí ìwé mọ́tò. Kò sóhun tó burú nínú iṣẹ́ yẹn. Àwọn mọ́tò tó lu òǹtẹ̀ fún ṣì ń rìn. Àmọ́ lójú tirẹ̀, èèyàn ńlá kì í lu òǹtẹ̀.

Covington, lẹ́bàá Atlanta, ni ilé rẹ̀ wà, níbi táwọn tó ń ya sinimá máa ń wá. Tó bá ti rí wọn pẹ̀lú kámẹ́rà, á gba ẹ̀gbẹ́ wọn kọjá, á tún padà, á gbé àgbọ̀n sókè bí ẹni tó ń gbọ́ òórùn ọbẹ̀. Wọn ò tíì pè é.

Clara ìyàwó rẹ̀, nọ́ọ̀sì ni ní ọsibítù kan ní Decatur. Kì í yà á lẹ́nu bí èèyàn bá ń sọ ìsọkúsọ. Ní ibi iṣẹ́ rẹ̀, ibà ló sábà máa ń fà á. Ti ọkọ rẹ̀ kì í ṣe ibà.

"Bàbá Fẹ́misí, ooru ò mú yín ni?" ló máa ń bi í lọ́jọ́ Ìsinmi.

"Ẹran ara ni ooru ń mú," Ọlákúnlé á dáhùn. "Èmi, ẹ̀mí ni mo wọ̀."

Clara á wo bí òógùn ṣe ń ṣàn lẹ́yìn etí ẹni tó wọ ẹ̀mí, á mú kọ́kọ́rọ́ mọ́tò. Nínú mọ́tò, Ọlákúnlé á ṣí ẹ̀rọ amúlétutù débi pé Clara á fi gèlè bo etí. Bí wọ́n bá dé ṣọ́ọ̀ṣì, ọkọ á yára rìn láti mọ́tò dé ẹnu ọ̀nà, kí kóòtù má baà mọ̀ pé inú ooru Georgia làwọn wà.

Bí ẹnikẹ́ni bá bi í léèrè ọ̀rọ̀ kóòtù, inú rẹ̀ á dùn. Á dúró. Á ní, "Kóòtù olùkọ́ mi ni. Ìdíwàlù ló fi sílẹ̀ fún mi."

Ta ni Ìdíwàlù? Ọkùnrin kan ló wà tó ń jẹ́ Idwal Prosser. Wales ni wọ́n ti bí i, ilẹ̀ kékeré kan tó fara ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, òkè àti òjò ló pọ̀ níbẹ̀. Bàbá rẹ̀ ń wa èédú lábẹ́ ilẹ̀. Òun ń kọ ewì. Ó sì ń mutí. Ó bá ìyàwó rẹ̀ jà, ó bá pásítọ̀ jà, ó bá ẹni tó ń tẹ ìwé rẹ̀ jà. Nígbà tí kò rí ẹni bá jà mọ́, ó wọ ọkọ̀ wá sí Nàìjíríà, ó wá ń kọ́ àwọn ọmọ ní Gẹ̀ẹ́sì ní ilé ìwé kan lápá Ọ̀yọ́. Ẹnu àwọn ọmọ ò gba Idwal, wọ́n sọ ọ́ di Ìdíwàlù. Kò pẹ́ tí ọtí fi lé e kúrò níbẹ̀ náà. Ó padà sílé. Ó kú sínú yàrá kan létí òkun, nígbà òtútù, láìsí ẹnì kankan lọ́dọ̀ rẹ̀.

Nígbà tó wà láyé, ẹni tó ń ra búrẹ́dì fún un ò wọ́pọ̀. Nígbà tó kú tán, wọ́n ní wúrà ni ọ̀rọ̀ rẹ̀. Wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ òpópónà. Wọ́n ń jẹ àsè nítorí rẹ̀ lọ́dọọdún, wọ́n á wọ táì, wọ́n á sunkún sórí ẹran sísun. Bí àwọn tó fẹ́ràn ọ̀rọ̀ dídùn ṣe ń ṣe nìyẹn. Òkú ni wọ́n ń gbé oúnjẹ fún.

Ilé ìwé tí Ìdíwàlù ti kọ́ni yẹn náà ni Ọlákúnlé lọ. Òótọ́ ni. Ibẹ̀ ló yẹ kí ọ̀rọ̀ parí sí.

Àmọ́ ó rí i lórí fóònù pé àwọn ọ̀rẹ́ ìwé Ìdíwàlù ní Wales ń wá ẹni tó mọ̀ ọ́n nígbà tó wà ní Nàìjíríà. Wọ́n fẹ́ kó gbogbo ewì rẹ̀ sínú ìwé ńlá kan. Ẹni tí wọ́n bá rí ni yóò kọ ọ̀rọ̀ ìṣáájú. Àwòrán rẹ̀ á wà lẹ́yìn ìwé. Wọ́n á máa pè é ní Olùṣọ́ Orúkọ, wọ́n á sì máa fi ọkọ̀ òfuurufú gbé e wá jẹ àsè. Gwen, ọmọbìnrin olóògbé fúnra rẹ̀, ló ṣáájú wọn.

Ọlákúnlé kà á tán. Ó dìde, ó lọ síwájú dígí, ó sì kí ẹni tó rí níbẹ̀ ní "Ẹ kú iṣẹ́, sà."

Ọ̀sẹ̀ yẹn ni kóòtù jáde. Clara mọ kóòtù náà dáadáa. Òun ló rà á ní ṣọ́ọ̀bù òkìrìkà ní Decatur, ọdún tí yìnyín bọ́, kí ọkọ rẹ̀ lè máa rí nǹkan wọ̀ tó bá ń ti agolo ìdọ̀tí lọ sẹ́bàá títì. Ó bá a lórí àga nínú pálọ̀, wọ́n ti fi búrọ́ọ̀ṣì gbá a mọ́.

"Clara," ni ọkọ rẹ̀ wí, "ṣé ẹnu rẹ ò ní tú mi fó?"

"Ẹnu tèmi kọ́ ni mo ń bẹ̀rù," ni Clara dá a lóhùn. Àmọ́ ó ṣèlérí pé òun á dákẹ́. Ọkọ rẹ̀ ni. Ó ti tó ọjọ́ mẹ́ta tí nǹkan ti mú inú rẹ̀ dùn báyẹn.

Ilé ìdáná ni Clara ti ń di oúnjẹ tó fẹ́ gbé lọ síbi iṣẹ́ nígbà tí ọkọ rẹ̀ ń bá Gwen sọ̀rọ̀ lórí fóònù ní Gẹ̀ẹ́sì. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ọlákúnlé ní òun àti bàbá Gwen jọ mu ẹmu láti ìsọ̀ dé ìsọ̀. Ó ní olóògbé sunkún sí èjìká òun. Ó ní abẹ́ àtíbàbà ẹlẹ́mu làwọn sùn sí nínú òjò, kóòtù yìí làwọn sì jọ fi bora. Ó ti mọ ohun tí wọ́n ń wá. Akéwì tí kò bá mutí kó sì sunkún, àwọn aláàsè ò kà á kún.

Nígbà tó gbé fóònù sílẹ̀, Clara bi í pé, "Ọmọ ọdún mélòó lẹ wà nígbà yẹn?"

"Méjìlá."

"Ẹ sì ń mẹmu títí ilẹ̀ fi ń mọ́?"

"Mo tètè dàgbà."

Ká ní ibẹ̀ ló mọ, ì bá rọrùn. Àmọ́ ẹni tí oyè kan ń pa, kò ní kó má rí ìkejì. Ṣọ́ọ̀ṣì wọn, Ìjọ Òkè Ayọ̀ ní Clarkston, ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ yàrá ìkàwé kan fáwọn ọmọdé. Ọlákúnlé fẹ́ kí wọ́n pè é ní Yàrá Ìkàwé Prosser-Oyèníran, kí àwòrán Prosser wà lára ògiri, kí ti Oyèníran sì tóbi jù ú lọ. Àwọn àgbà ìjọ ní ta ni òyìnbó yìí. Wọ́n ní ṣé onígbàgbọ́ ni.

Onígbàgbọ́? Ọlákúnlé wò wọ́n tàánú-tàánú. Ó ní díákónì ni. Ó ní ọtí ẹlẹ́rìndòdò pàápàá kò kan ètè rẹ̀ rí. Ó ní ọjọ́ tí ẹni mímọ́ náà fẹ́ kúrò ní Nàìjíríà, ó kúnlẹ̀, ó gbàdúrà, ó bọ́ kóòtù, ó sì fi bo òun lára bí Èlíjà ṣe fi aṣọ rẹ̀ bo Èlíṣà. Màmá Eunice, tó dàgbà jù nínú ìjọ, dìde, ó fi áńkáṣíìfù kan kóòtù náà, ó sì gbé áńkáṣíìfù lọ sábẹ́ ìrọ̀rí rẹ̀. Pásítọ̀ Olúwaṣèyítán ní lọ́jọ́ tí àwọn bá ṣí yàrá náà, àwọn á fi Dókítà jẹ Bàbá Ìjọ.

Bí kóòtù òkìrìkà kan ṣe ní ìtàn méjì nìyẹn. Nínú ọ̀kan, ó ń ta òórùn ẹmu. Nínú ìkejì, ó ń ta òórùn òróró ìyàsímímọ́. Gẹ̀ẹ́sì ni ọ̀kan, Yorùbá ni èkejì, òkun sì wà láàárín. Clara nìkan ló ń gbọ́ méjèèjì.

Ìgbà náà ni Gwen ní òun ń bọ̀. Pásítọ̀ ní ó ti dára jù, kó bọ́ sí ọjọ́ Ìsinmi tí wọ́n fẹ́ ṣí yàrá ìkàwé.

Ọlákúnlé ò lè jẹun. Lẹ́yìn náà ó ronú, ó sì jẹun. Ó ní Yorùbá pọ́nńbélé lòun máa sọ nínú ṣọ́ọ̀ṣì. Gwen á máa rẹ́rìn-ín músẹ́ bí àlejò. Tí wọ́n bá parí, òun á gbé e lọ jẹun, òun á wá fi Gẹ̀ẹ́sì sọ tirẹ̀ fún un. Òyìnbó wo ló gbọ́ Yorùbá?

Pásítọ̀ pè é lórí fóònù lọ́jọ́ Jímọ̀. Ó ní kò dáa kí àlejò jókòó bí igi. Ó ní Bùrọ̀dá Ṣẹ́gun á dúró ti Dókítà, á máa túmọ̀.

Ní Ìjọ Òkè Ayọ̀, kò sẹ́ni tó ń wàásù lórí pẹpẹ tí wọn kì í túmọ̀ rẹ̀. Àwọn ìyá àgbà tó wá tọ́ ọmọ ò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn ọmọ tí wọ́n wá tọ́ ò gbọ́ Yorùbá délẹ̀. Ṣẹ́gun ló ń dúró sáàárín wọn. Ọkùnrin oníkùn ńlá ni, ìnṣọ́ránsì ló ń tà láàárín ọ̀sẹ̀. Bí pásítọ̀ bá fò, Ṣẹ́gun á fò. Bó bá sunkún, Ṣẹ́gun á sunkún. Ìgbà kan, pásítọ̀ sín sórí máìkì, Ṣẹ́gun tún un sín fáwọn tó kù. Ọ̀rọ̀ tó bá ti wọ etí rẹ̀ ti jáde lẹ́nu rẹ̀. Kì í rò ó. Ó ní bí òun bá dúró rò ó, ọ̀rọ̀ á já mọ́ òun lọ́wọ́.

Ẹlòmíràn tó bá gbọ́ èyí á ní ara òun ò yá. Ọlákúnlé wú bíi búrẹ́dì. Ògbufọ̀! Bíṣọ́ọ̀bù ní ògbufọ̀. Ààrẹ orílẹ̀-èdè ní ògbufọ̀. Ta ló fún ẹni tó ń lu òǹtẹ̀ ní ògbufọ̀ rí? Ó bọ́ síwájú dígí. Ó sọ gbólóhùn kan, ó dákẹ́, ó gbé àgbọ̀n sókè bí ẹni tó ń dúró de ògbufọ̀, ó tún sọ òmíràn.

Clara wọ aṣọ iṣẹ́ tán, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà.

"Bàbá Fẹ́misí, Gẹ̀ẹ́sì ni Ṣẹ́gun máa yí i sí o."

"Gbogbo rẹ̀ pátá. Ẹyọ ọ̀rọ̀ kan ò gbọdọ̀ bọ́ sílẹ̀."

"Sí etí Gwen?"

"Clara, má ba ayọ̀ mi jẹ́."

Ó tún gbé àgbọ̀n sókè. Clara lọ síbi iṣẹ́ rẹ̀.

Ìrọ̀lẹ́ Sátidé ni Gwen dé Covington. Ọlákúnlé ṣì wà lókè, súkáàfù ò tíì jókòó bó ṣe fẹ́. Clara ló ṣílẹ̀kùn. Obìnrin kékeré kan ló dúró níbẹ̀, irun rẹ̀ ti funfun, ó gbé báàgì kọ́ ẹ̀yìn bí ọmọ ilé ìwé. Oòrùn ti ń wọ̀. Ó tẹ orí ba díẹ̀, ó ní, "Ẹ káàárọ̀, mà."

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu Clara kó tó mọ̀. Ó ní ẹ káàbọ̀. Gwen bi í pé kí lòun sọ tó pa á lẹ́rìn-ín. Clara ní àárọ̀ ni wọ́n ń kí bẹ́ẹ̀. Gwen náà bẹ̀rẹ̀ sí í rín, ó di férémù ilẹ̀kùn mú. Ó ní ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tí bàbá òun gbé bọ̀ láti Nàìjíríà nìyẹn. Ó ní ìyá òun sọ pé tó bá ti mutí yó, á máa kí gbogbo àdúgbò bẹ́ẹ̀, ì báà jẹ́ ọ̀gànjọ́. Ìgbà tó ti Nàìjíríà dé ni wọ́n bí òun. Òun ṣì ń rákò nígbà tí ìyá òun lé e jáde.

"Mi ò mọ ojú ẹ̀," ni Gwen wí. "Gbogbo èèyàn ló lè ra ìwé ẹ̀. Èmi fẹ́ rí nǹkan kan tó fara kàn."

Ìgbà náà ni Ọlákúnlé ń sọ̀ kalẹ̀ bọ̀, díẹ̀díẹ̀, bí ọba tó ń ti ààfin bọ̀, nínú kóòtù. Gwen ò wo ojú rẹ̀. Kóòtù ló ń wò. Ó na ọwọ́.

"Lọ́la," ni Ọlákúnlé wí, ó sún sẹ́yìn. "Níwájú gbogbo èèyàn."

Clara wo ilẹ̀. Ìlérí tó ṣe fún ọkọ rẹ̀ wá dà bí egungun ẹja lọ́fun.

Láàárọ̀ ọjọ́ Ìsinmi, Clara wá àwọn àpò yìnyín tó máa ń lò fún orúnkún rẹ̀ nínú fírísà, kò rí wọn. Kò bèèrè. Wọ́n ti pẹ́.

Ṣọ́ọ̀ṣì kún. Wọ́n ti fi aṣọ funfun bo pátákó àti àwòrán tó wà lẹ́nu ọ̀nà yàrá ìkàwé. Gwen jókòó ní iwájú, Clara wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ọlákúnlé gun orí pẹpẹ, Ṣẹ́gun dúró tì í, máìkì lọ́wọ́ àwọn méjèèjì.

"Ìdíwàlù, ẹni mímọ́," ni Ọlákúnlé bẹ̀rẹ̀. Ó dúró. Ó gbé àgbọ̀n sókè.

Ṣẹ́gun yí i sí Gẹ̀ẹ́sì, òun náà gbé àgbọ̀n sókè.

Ó dùn mọ́ Ọlákúnlé. Ó ń gbọ́ ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì.

"Ọtí ò kan ètè rẹ̀ rí."

Ṣẹ́gun túmọ̀. Gwen dẹ orí sí ẹ̀gbẹ́ kan.

"Kò mọ ojú ọ̀nà ìsọ̀ ẹlẹ́mu. Ààwẹ̀ ló ń gbà. Oorun alẹ́ pàápàá, ó ń fi ṣe ìsọ́ òru."

Ṣẹ́gun túmọ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Gwen wo ẹ̀yìn, bí ẹni pé Idwal mìíràn wà nínú ìjọ tí wọ́n ń bá wí. Ó wo Clara. Clara ń ka iye gílóòbù tó wà lókè. Ọlákúnlé ò rí ìkankan nínú èyí. Ó ti dé ìdí Èlíjà. Ó na apá méjèèjì kí ìjọ lè rí kóòtù, Ṣẹ́gun náà na apá, Màmá Eunice ké halelúyà.

Pásítọ̀ ní kí àlejò wá kí ìjọ. Gwen gba máìkì. Ó dúpẹ́. Ó ní ọkàn òun dàrú díẹ̀, kí wọ́n jọ̀ọ́ ràn òun lọ́wọ́. Ṣẹ́gun yíjú sí àwọn ìyá àgbà, ó ń fi Yorùbá tú u sílẹ̀ bó ṣe ń bọ̀.

"Bàbá tí ẹ ń sọ yìí, mi ò mọ̀ ọ́n," ni Gwen wí. "Ohun tí Dókítà sọ fún mi lórí fóònù ni pé òun àti bàbá mi jọ máa ń mu ẹmu láti ìsọ̀ dé ìsọ̀."

Ṣẹ́gun túmọ̀. Ó tiẹ̀ ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́ díẹ̀.

"Ó ní abẹ́ àtíbàbà ẹlẹ́mu làwọn sùn sí, kóòtù yìí làwọn fi bora."

Ṣẹ́gun fi ẹ̀rẹ̀kẹ́ lé ọwọ́, ó di ojú, ó túmọ̀.

Màmá Eunice yọ áńkáṣíìfù rẹ̀ jáde, ó gbóòórùn rẹ̀.

"Ta ló mẹmu?" ló bèèrè. Ṣẹ́gun túmọ̀ ìyẹn náà fún Gwen.

Ọlákúnlé bẹ̀rẹ̀ mọ́ etí Ṣẹ́gun. Ó sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́: "Ṣẹ́gun, jọ̀ọ́, pa ẹnu ẹ mọ́."

Ọ̀rọ̀ ti wọ etí Ṣẹ́gun. Kò rò ó. Ó gbé máìkì sẹ́nu, ó fi Gẹ̀ẹ́sì sọ fún gbogbo ìjọ pé kí Ṣẹ́gun jọ̀ọ́ pa ẹnu rẹ̀ mọ́. Àwọn ọmọdé ló kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín. Àwọn ìyá àgbà ní kí ni wọ́n ń rín, Ṣẹ́gun sì tún un sọ fún wọn ní Yorùbá. Ìgbà tó sọ ọ́ tán ló tó mọ ẹni tó ń jẹ́ Ṣẹ́gun.

Pásítọ̀ dìde. "Dókítà, ewo ni ká mú nínú méjèèjì?"

"Òótọ́," ni Ọlákúnlé wí, òógùn ń kán láti àgbọ̀n rẹ̀, "òótọ́ dà bí òkúta iyebíye, ó ní ojú púpọ̀."

Ṣẹ́gun túmọ̀, àmọ́ kò gbé àgbọ̀n sókè mọ́.

"Ẹ jẹ́ ká fi ọ̀rọ̀ ẹnu sílẹ̀," ni Ọlákúnlé yára wí. "Ẹnu lè ṣì í sọ. Kóòtù ò lè parọ́. Gwen, ẹ wá fọwọ́ kan aṣọ bàbá yín."

Gwen gun orí pẹpẹ. Ó di ọwọ́ kóòtù náà mú. Ó fọwọ́ ra á lọ, ó fọwọ́ ra á bọ̀. Lẹ́yìn náà ó fi ojú bọ inú rẹ̀, bí ọmọ kékeré, èjìká rẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Ẹni tó ní àròyé nínú ìjọ gbé e mì. Ọlákúnlé gbójú sókè bí ẹni tí wọ́n ń yà ní fọ́tò. Ó fi ìka pe ẹni tó ń ya fídíò pé kó sún mọ́ ọn.

Ìka yẹn ló yọ egungun ẹja lọ́fun Clara.

Ó dìde. Ohùn tó fi ń sọ fún aláìsàn pé abẹ́rẹ́ yìí á dùn ún díẹ̀, òun ló fi sọ ọ́, ní Gẹ̀ẹ́sì.

"Gwen, ẹ má sunkún sára kóòtù yẹn. Èmi ni mo rà á. Ṣọ́ọ̀bù òkìrìkà ni, ní Decatur níbí. Òun lọkọ mi ń wọ̀ tó bá ń lọ da ìdọ̀tí nù."

Ṣẹ́gun wo Ọlákúnlé. Ó wo pásítọ̀. Pásítọ̀ mi orí pé kó máa bá a lọ. Ó túmọ̀ rẹ̀ dé orí ìdọ̀tí, ó sì fi ọwọ́ ti agolo tí kò sí níbẹ̀.

Ariwo tó sọ dà bí òjò lórí páànù. Gwen fi kóòtù sílẹ̀. Ọlákúnlé fẹ́ bọ́ ọ sílẹ̀ kíá, òógùn ti lẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn lára. Pásítọ̀ di ọwọ́ kan mú, Ṣẹ́gun di ìkejì mú, wọ́n fà á. Nígbà tó bọ́, àwọn àpò yìnyín tó so mọ́ ìhà já, wọ́n ń já bọ́ lu pẹpẹ, pọ̀, pọ̀, wọ́n yọ̀ lọ síwájú Màmá Eunice.

"A," ni Clara wí jẹ́jẹ́, "ibẹ̀ ni wọ́n wà."

Kò sẹ́ni tó lè dúró dáadáa mọ́. Àwọn akọrin ń di ara wọn mú. Màmá Eunice fi áńkáṣíìfù nu omi yìnyín nílẹ̀, ó ní ó ti rí iṣẹ́ tó wà fún un.

Ọlákúnlé dúró nínú ṣẹ́ẹ̀tì tó rin gbindin. Láìsí kóòtù, kò ga mọ́. Gwen nu ojú rẹ̀. Kò pariwo.

"Ṣé ẹ tiẹ̀ mọ̀ ọ́n rárá?" ló bi í.

Ọlákúnlé la ẹnu. Ọ̀rọ̀ dídùn ò wá. Èyí tó wá kúrú.

"Mo rí i lẹ́ẹ̀kan," ló wí. "Kíláàsì tèmi kọ́ ló ń kọ́. Ìrọ̀lẹ́ ni, òjò ti dá. Wọ́n rán mi níṣẹ́, mo ń bọ̀. Ó gun kẹ̀kẹ́. Kẹ̀kẹ́ gbé e jù sí gọ́tà. Mo rẹ́rìn-ín. Ó gbé orí sókè nínú gọ́tà, ẹrẹ̀ kún irùngbọ̀n ẹ̀. Ó ní, 'Ẹ káàárọ̀, mà.' Ewúrẹ́ kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ó kí òun náà. Mo sá lọ. Ìyẹn nìkan."

Ṣẹ́gun rọra túmọ̀ rẹ̀. Ìkíni yẹn, kò yí i padà, ó fi í sílẹ̀ bó ṣe wà.

Gwen yíjú sí Clara. Ojú rẹ̀ ń bi Clara ní ìbéèrè kan. Clara mi orí: rárá, òun ò sọ fún un. Láti àná, òun ò bá ọkọ òun sọ ohunkóhun nípa ẹ káàárọ̀.

Gwen jókòó sórí àtẹ̀gùn pẹpẹ. Ó rẹ́rìn-ín bó ṣe rín lẹ́nu ọ̀nà Covington, omijé sì tún wà nínú rẹ̀. "Bàbá mi nìyẹn," ló wí. "Òun gan-an nìyẹn." Ó wo Ọlákúnlé bí ẹni pé ìgbà náà ló ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i. "Irú ewúrẹ́ wo ni?"

"Dúdú," ni Ọlákúnlé wí. "Iwájú orí ẹ̀ funfun."

"Ṣé ó dáhùn?"

Ọlákúnlé rò ó. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí Clara máa rí i kó ro nǹkan kó tó sọ ọ́. "Ó dáhùn," ló wí. "Èmi ni mi ò dáhùn."

Wọn ò fi í jẹ Bàbá Ìjọ. Wọ́n ká aṣọ funfun kúrò, wọ́n wo àwòrán Ọlákúnlé tó fẹ̀ bí ilẹ̀kùn, wọ́n sì gbé e fún Clara pé kó bá àwọn gbé e lọ sílé. Yàrá Ìkàwé lásán ni wọ́n kọ síbẹ̀. Àwọn ọmọ ń wọlé, wọ́n ń jáde, kò sí èyí tó bèèrè orúkọ ẹnikẹ́ni.

Ní Wales náà, wọ́n ní àwọn ò wá Olùṣọ́ Orúkọ mọ́. Àmọ́ ìwé ńlá náà jáde, Gwen sì fi ẹ̀dà kan ránṣẹ́ sí Clara. Ewúrẹ́ wà nínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú. Wọ́n kọ pé dúdú ni, iwájú orí rẹ̀ funfun, ó sì mọ ìwà hù. Ọlákúnlé wá orúkọ tirẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ohun tó rí ni pé ọmọdé kan rẹ́rìn-ín.

Láti ìgbà yẹn, ì báà jẹ́ ní Clarkston, ì báà jẹ́ nínú ilé ìtajà ní Decatur, bí àwọn èèyàn wa bá rí i, ọ̀sán ni o, alẹ́ ni o, ìkíni kan ni wọ́n ń kí i. Ó kọ́kọ́ ń bínú. Ó ń dibọ́n pé òun ń wá nǹkan nínú àpò. Nígbà tó yá, ó rẹ̀ ẹ́.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, Clara ń lọ síbi iṣẹ́, ó bá a lẹ́bàá títì, ó wọ ṣòkòtò péńpé, ó ń ti agolo ìdọ̀tí. Oòrùn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ wọ̀ tán, ooru ò tíì lọ.

"Ẹ káàárọ̀, Bàbá Fẹ́misí," ni Clara wí láti inú mọ́tò.

Ọlákúnlé fi agolo sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ó tẹ orí ba, ó dá a lóhùn dáadáa, ó sì bẹ̀rẹ̀, ó kí ajá aládùúgbò tó dùbúlẹ̀ sábẹ́ mọ́tò.